Ìjàpá, Máníjà Ìlú Ẹ̀gà

Ààlọ́ o!

Ààlọ̀!

Àlọ́ mi fò fẹ̀rẹ̀, ó bà sí etí odò kan tí ìkùukùu kì í kúrò níbẹ̀. Àwọn ẹyẹ ẹ̀gà ló ń gbé ibẹ̀. Wọ́n ń hun ilé sára ọ̀pẹ, ilé ń mì lẹ́gẹlẹ̀gẹ bí orí ọmọ tí oorun ń kùn. Nígbà yẹn, òkè ni ẹnu ilé ẹ̀gà kọjú sí. Ẹ fi sọ́kàn o.

Lọ́jọ́ kan ni Ìjàpá, ọkọ Yánníbo, dé. Kò mọ iṣẹ́ ìhunlé kan. Kò hun ẹní lásán rí!

"Ẹ ò mà ní máníjà! Ta ló ń ṣọ́ yín?"

"Kò sẹ́ni tó ń ṣọ́ wa."

"Áà! Abájọ tí òjò fi ń pa yín!"

Òjò ń pa wọ́n lóòótọ́. Ni wọ́n bá gbà. Wọ́n fi okùn fà á gorí ọ̀pẹ, wọ́n fún un ní àga àti fèrè. Láti òkè ọ̀hún, inú ilé gbogbo ló ń rí. Bí ẹnìkan bá sinmi díẹ̀, fèrè á ké: fíì!

Ẹ̀gà kan wà tó ń jẹ́ Àwẹ̀ró. Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ yé ẹyin mẹ́ta.

"Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́, ẹyin mi ń tutù. Ẹ jẹ́ kí n lọ sàba."

"Iṣẹ́ ńkọ́? Ṣé ẹyin á fò lọ ni?"

"Bí wọ́n bá tutù, wọn ò ní fò láéláé, ọ̀gá."

Ẹ̀yin ará ilé, ó dùn mí. Ìjàpá ò tilẹ̀ wò ó. Ó ní kí gbogbo wọn máa kọrin láìdákẹ́, kí òun lè fetí mọ ẹni tó bá ṣíwọ́. Ọgbọ́n Ìjàpá nìyẹn! Àwẹ̀ró bá dá orin. Ẹ bá mi gbè é:

Ẹyin mi ń tutù o,
*Hun ún, ká hun ún!*
Òjò ń bọ̀ lókè o,
*Hun ún, ká hun ún!*
Ojú ń bẹ lókè o,
*Hun ún, ká hun ún!*
Ẹ dorí ilé kodò o,
*Hun ún, ká hun ún!*

Orin náà rọ̀, ó ń wọ inú ìkùukùu lọ. Ìjàpá ń mi orí sí i. Ó ní iṣẹ́ ń lọ. Ìpéǹpéjú rẹ̀ wúwo, oorun gbé e. Ẹ má bi mí ní iye ọjọ́ tó sùn.

Nígbà tó jí, kò rí ẹnu ilé kankan. Ó fọn fèrè, fíì! Kò sẹ́ni tó yọjú.

"Àwẹ̀ró! Níbo lo wà?"

"Mo wà nílé, ọ̀gá. Mo ń sàba."

"Mi ò rí ọ!"

Ó na ọrùn. Ó tún nà án sí i. Gbì! Ó di inú ẹrẹ̀.

Kò sẹ́ni tó tì í o. Ó nà gbalaja, ó gbójú sókè, ìgbà náà ló tó rí gbogbo ẹnu ilé, ó rí Àwẹ̀ró, ó rí ọmọ mẹ́ta tó ṣẹ̀ṣẹ̀ pa.

Bí mo bá purọ́, kí ẹ̀gà tú mi fó láàárọ̀ ọ̀la. Láti ọjọ́ náà, ẹni tó bá fẹ́ rí inú ilé ẹ̀gà, ì báà jẹ́ máníjà, ì báà jẹ́ ọba, àfi kó wá dúró nísàlẹ̀, kó gbójú sókè.