Ológbò Pe Òkété Wá Jẹun

Ààlọ́ o, ẹ̀yin ọmọ mi! (Ààlọ̀!) Ológbò ni mo gbé dé. Ẹ bá mi gbe orin rẹ̀ dáadáa o.

Ọ̀yàyà pọ̀ lẹ́nu Ológbò. Bí ìyá ilé bá ti bu orí ẹja fún un lẹ́yìnkùlé, orin ló kù:

Ẹ wá bá mi jẹ o! (Kẹ́rẹ́njẹ́n!)
Oúnjẹ yìí dùn o! (Kẹ́rẹ́njẹ́n!)

Adìyẹ ní, "Á gba ibi ire o," ó kọjá lọ. Ewúrẹ́ náà ní, "Á gba ibi ire o," ó kọjá. Wọ́n ń yin Ológbò, ẹja rẹ̀ kò sì dín.

Ni Òkété bá yọ láti inú igbó. Ológbò tún kọrin. Ara oko ni Òkété, kò mọ̀ pé ẹnu lásán ni. Ó ní, "Ẹ ṣé o," ó jókòó, ó jẹ ẹja tán. Ó kúkú tóbi tó Ológbò, ta ni yóò lé e?

Lọ́jọ́ kejì, ó kó èkùrọ́ wá ní ẹ̀rẹ̀kẹ́.

"Ọ̀rẹ́, wá jẹun!"

"Á gba ibi ire o."

Òkété fajú ro. "Mo jẹ tìrẹ, o ò ní jẹ tèmi?"

Ológbò fi eyín lé èkùrọ́. Kàú! Eyín kán.

Láti ọjọ́ náà, ológbò kì í pe ẹnikẹ́ni wá jẹun mọ́, kíkùn ló ń kùn bó bá ń jẹun. Ẹni tó bá ní irọ́ ni mo pa, kó na ọwọ́ sí àwo ológbò.