Òkìtì Méjì ní Ọjà Ìdí-Àràbà

Nígbà tí a ṣì ń ná owó ẹyọ, obìnrin kan wà tí wọ́n ń pè ní Ìyá Oyèwùmí. Kò sí ẹni tó lè rẹ́ ẹ jẹ, òun náà kò sì gbà pé ọjọ́ kan wà tí ẹnìkan kò gbìyànjú rẹ̀. Bí ọbẹ̀ bá dùn jù, yóò bèèrè ibi tí ẹran inú rẹ̀ ti wá. Bí a bá tètè kí i káàárọ̀, yóò kọ́kọ́ wo ọwọ́ ẹni tó kí i. Ìyàwó méjì ni Oyèwùmí ọmọ rẹ̀ ní: Àwẹ̀ró tó ti pẹ́ nílé, àti Morẹ́nikẹ́ tí kò tíì lo ọdún kan.

Ọmọbìnrin ilé fẹ́ relé ọkọ, àlejò ń bọ̀. Ìyá fún ìyàwó kọ̀ọ̀kan ní àádọ́jọ owó, ó ní kí ohun ìdáná pọ̀ nínú ti Àwẹ̀ró, kí ohun ìjókòó pọ̀ nínú ti Morẹ́nikẹ́. Ọjà Ìdí-Àràbà ni wọ́n lọ. Àwọn ará ọjà náà kì í dá iye lé ẹrù kọ̀ọ̀kan. Oníbàárà yóò to ohun tó fẹ́ jọ, ọlọ́jà yóò yí òkìtì náà ká, yóò sì dárúkọ iye gbogbo rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, láìsí ìdúnàádúrà. Wọ́n ní ẹni tó bá ń bèèrè iye ẹrù kan ṣoṣo ń tú ọjà ká ni.

Àwẹ̀ró ló kọ́kọ́ dé. Ó sọ ìkòkò mẹ́ta àti ẹní kan kalẹ̀, ó sì dá àádọ́ta owó padà.

"Ọgọ́rùn-ún ni wọ́n gbà, Ìyá. Ẹrù mẹ́rin, márùndínlọ́gbọ̀n lọ́kọ̀ọ̀kan."

Lẹ́yìn náà ni Morẹ́nikẹ́ wọlé pẹ̀lú ìkòkò kan àti ẹní mẹ́ta. Owó mẹ́wàá péré ló dá padà.

Ìyá ka ẹrù rẹ̀, mẹ́rin ni. Ó tún ka ti Àwẹ̀ró, mẹ́rin náà ni.

"Níbo ni ogójì owó mi wọlẹ̀ sí?"

"Ìyá, ohun tí mo rà kì í ṣe..."

"Àwẹ̀ró ti sọ iye ọjà fún mi. Kí lo tún fẹ́ sọ?"

Morẹ́nikẹ́ wo ìyálé rẹ̀. Àwẹ̀ró ń tú okùn ẹní. Oyèwùmí wà lóko, kò sí ẹni tó máa bá a bẹ̀bẹ̀. Ìyá ní kí ó jáde nílé òun. Kí oòrùn tó kan àtàrí, Morẹ́nikẹ́ ti di ẹrù rẹ̀, ó ti gba ilé bàbá rẹ̀ lọ pẹ̀lú ẹkún. Bí àlejò bá dé tí wọ́n gbọ́ pé olè ni wọ́n lé, kò sí ilé ọkọ tí yóò tún gbà á.

Nígbà tí ilé dákẹ́, ara Ìyá kò balẹ̀. Òun tí kì í gba ẹnikẹ́ni gbọ́, kí ló mú un gba Àwẹ̀ró gbọ́? Ta ló sọ fún Àwẹ̀ró pé iye ìkòkò àti ti ẹní dọ́gba? Ó to òkìtì méjèèjì síra wọn. Ó yọ ìkòkò kan àti ẹní kan kúrò nínú ti Àwẹ̀ró, ó yọ bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ nínú ti Morẹ́nikẹ́. Ìkòkò méjì ló kù níhìn-ín, ẹní méjì ló kù lọ́hùn-ún. Ìgbà náà ló rí i pé ogójì owó ni ẹní méjì fi ju ìkòkò méjì lọ. Ẹní kan fi ogún ju ìkòkò kan nìyẹn. Bí ẹní Àwẹ̀ró bá jẹ́ ìkòkò, ìkòkò mẹ́rin á di ọgọ́rin owó. Ìkòkò kan, ogún. Ẹní kan, ogójì. Ọgọ́rùn-ún Àwẹ̀ró nìkan kò lè sọ èyí fún un láéláé. Ẹ̀rù bà á.

Síbẹ̀ ìfura kò tán nínú rẹ̀. Bí Morẹ́nikẹ́ bá kàn gbọ́n jù ú lọ ńkọ́? Ó mú owó, ó kọrí sí ọjà kí ó tó tú. Bí àwọn méjèèjì bá sọ òótọ́, ìkòkò kan àti ẹní kan yóò jẹ́ ọgọ́ta. Bí ìṣirò Àwẹ̀ró bá jóòótọ́, àádọ́ta ni, Morẹ́nikẹ́ sì jalè.

Ó gbé ẹní kan ti ìkòkò kan. Ọlọ́jà yí wọn ká.

"Ọgọ́ta."

"Ṣé kì í ṣe àádọ́ta?"

"Ìyá, ọjọ́ wo ni ẹní di ẹgbẹ́ ìkòkò?"

Ó san owó, ó gbé ìkòkò rù, ó ki ẹní bọ abíyá. Kò yà sílé. Ilé àna rẹ̀ ló lọ tààrà. Bàbá Morẹ́nikẹ́ yí ojú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan nígbà tó kí i. Ó sọ ẹrù kalẹ̀, ó sì kúnlẹ̀ níwájú bàbá àti ọmọ, tòun tewú orí rẹ̀.

"Ẹ dákun, ẹ̀yin àna mi. Ọmọ yín kò jalè. Èmi ni mo ba orúkọ rẹ̀ jẹ́."

Morẹ́nikẹ́ sáré wá gbé e dìde. Omi ṣì wà lójú rẹ̀.

"Ìyá, bí ẹ bá bi mí ni, ǹ bá ti sọ fún yín."

Ìyá Oyèwùmí di ọwọ́ rẹ̀ mú, wọ́n jọ padà sílé. Láti ọjọ́ náà, bí ẹnikẹ́ni bá gbé ẹjọ́ dé iwájú rẹ̀, yóò ní, "Ẹnìkejì ńkọ́?" Ìdí nìyí tí àwọn àgbà fi ń pa á lówe pé, agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni.