Adé tí Ògúnrìndé Gbà ní Ìlú Ìkánjú

Ẹ̀yin ènìyàn mi, ẹ̀yin tí ojú yín wà lára ìwé tí etí yín sì wà lọ́dọ̀ mi, mo kí yín bí a ti ń kí arìnrìn-àjò tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bọ́ sábẹ́ ìbòji: ẹ kú ìrìn, ẹ kú oòrùn, ẹ kú ìfaradà. Ẹ fa àga súnmọ́ mi. Bí ọbẹ̀ bá wà lórí iná, ẹ sọ̀ ọ́ kalẹ̀, nítorí ìtàn tí mo gbé wá kì í ṣe èyí tí a ń fi etí kan gbọ́. Ẹ ó gbọ́ nípa ilé ìdáná tó ń fi ẹsẹ̀ rìn, ẹ ó gbọ́ nípa pápá tó ń já sínú ọ̀gbun bí ewé ṣe ń já nígbà ọ̀gbẹlẹ̀, ẹ ó sì gbọ́ nípa adé kan tó jẹ́ pé ẹni tó bá kọ́kọ́ dé e ni ìyà kọ́kọ́ ń jẹ. Ẹ ó tún gbọ́ bí ènìyàn ṣe ń borí nínú eré tí ọ̀pọ̀ ènìyàn jọ ń ṣe pẹ̀lú ìkánjú, ọgbọ́n tí ọ̀pọ̀ ọ̀ta, àwọn ògbóǹtarìgì nínú eré, ò ní, ṣùgbọ́n tí a bí mọ́ ọ̀pẹ mìíràn.

Ní ìlú Arógunbọ̀, ọ̀dọ́mọkùnrin kan wà tí à ń pè ní Ògúnrìndé. Ó ní ṣọ́ọ̀bù géèmù kan ní ẹ̀gbẹ́ ọjà àtijọ́, níbi tí àwọn ènìyàn ti ń jókòó mẹ́rin mẹ́rin níwájú tẹlifíṣọ̀n ńlá, tí olúkúlùkù di páàdì tirẹ̀ mú, tí gbogbo wọn sì ń sá, tí wọ́n ń fò, tí wọ́n ń lu ara wọn bolẹ̀ lójú tẹlifíṣọ̀n kan náà, títí tí ẹ̀rín á fi pa aládùúgbò. Ọ̀ta paraku ni Ògúnrìndé. Ọlọ́wọ́ mànàmáná, oníka wéréwéré bí ẹsẹ̀ òjò lórí páànù, ẹni tí ojú rẹ̀ ń rí ibi tí ọ̀tá ń lọ kí ọ̀tá tó mọ̀ pé òun ń lọ. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ ni Fátókun káfíńtà, ọkùnrin gìrìpá tí ìka rẹ̀ nípọn bí èsúrú, tí kì í kánjú sọ̀rọ̀, tí kì í kánjú jẹun. Àfẹ́sọ́nà Ògúnrìndé ni Ìyùnadé, aránṣọ, onídìí-ìlẹ̀kẹ̀, ẹlẹ́rìn-ín jẹ́jẹ́. Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ló sábà máa ń jọ ṣeré.

Ṣùgbọ́n ẹwà kì í pé kó má kù síbì kan. Bí géèmù bá jẹ́ èyí tí olúkúlùkù ń jà fún ara rẹ̀, Ògúnrìndé a borí, a sì rẹ́rìn-ín. Bí ó bá wá jẹ́ èyí tí gbogbo wọn gbọ́dọ̀ fọwọ́sowọ́pọ̀, tí ẹnìkan ń gé ẹran, tí ẹnìkan ń fọ àwo, tí ẹnìkan ń gbé oúnjẹ síta kí àkókò tó tán, ẹnu rẹ̀ a di ẹgba. A gba iṣẹ́ lọ́wọ́ Ìyùnadé, a pè é ní aláìmọ̀kan, a pariwo mọ́ Fátókun títí ojú á fi ti àwọn tó ń wòran. Ẹ̀yin olùfẹ́ mi, ẹyin lohùn. Ìka tó yára kò lè ṣa ẹyin tó bá ti fọ́.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, Ìyùnadé jẹ́ kí oúnjẹ kan jóná nínú géèmù, Ògúnrìndé sì fi í ṣẹ̀sín lójú gbogbo ènìyàn. Ọmọbìnrin náà gbé páàdì kalẹ̀ pẹ̀lẹ́. Ó ní, “Ògúnrìndé, eré ni mo jókòó sí, ṣùgbọ́n ẹ̀rù ni mo fi ń ṣe é. Bí o bá ń bá mi sọ̀rọ̀ báyìí lórí ohun tí kò ní láárí, báwo ni o ó ṣe bá mi sọ̀rọ̀ lọ́jọ́ tí ọmọ wa bá ń ṣàìsàn?” Kò dúró gbọ́ èsì. Ó gba ọ̀nà odò lọ.

Obìnrin kan tó ń fọ aṣọ lódò ló mú ìròyìn ohun tó tẹ̀lé e wá. Ó ní òun rí i tí Ìyùnadé jókòó sórí òkúta tó ń sunkún, tí iwin kan tó wọ aṣọ aláwọ̀ òṣùmàrè sì yọ láti inú omi, tó sọ fún un pé ìlú kan wà tí eré kì í tán níbẹ̀, tí ẹnikẹ́ni kì í sì í rántí ẹni tó bà á nínú jẹ́. Ìyùnadé dìde, ó tẹ̀lé e, omi sì pa dé. Gbogbo àgbà Arógunbọ̀ ló mọ ìlú náà. Ìlú Ìkánjú ni, níbi tí Ọba Kánjú-má-wẹ̀yìn ti ń jọba, tí àwọn tó bá tẹ̀lé iwin wọ ibẹ̀ ń gbàgbé ilé, gbàgbé ìyá, gbàgbé orúkọ ara wọn, tí wọ́n á máa sáré ká títí ayé.

Ògúnrìndé lọ sílé màmá Ìyùnadé. Tinúadé ni orúkọ màmá náà, opó tó ń kọ́ àwọn akọrin ní ṣọ́ọ̀ṣì wọn, obìnrin tó lè gbọ́ ohùn ẹnìkan tó ṣìnà láàárín ogójì ènìyàn. Ògúnrìndé dọ̀bálẹ̀ gbọọrọ, ó jẹ́wọ́ gbogbo ohun tó ṣẹlẹ̀. Màmá Tinúadé kò bú u. Ó so gèlè rẹ̀ le, ó bọ́ síta, ó ní kí ó dìde kí àwọn máa lọ. Fátókun pàdé wọn lójú ọ̀nà; ó ní òun kò ní jẹ́ kí ọ̀rẹ́ òun lọ síbi tí a ti ń gbàgbé orúkọ láìsí òun. Báyìí ni àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta rì sínú odò náà, tí wọ́n sì yọ ní òdìkejì ayé.

Ìlú Ìkánjú mọ́lẹ̀ rokoṣo, ṣùgbọ́n oòrùn kò sí níbẹ̀. Ilẹ̀ rẹ̀ ń gbọ̀n bí awọ ẹṣin tí eṣinṣin bà lé. Ogunlọ́gọ̀ ènìyàn ń sáré kọjá lọ, wọ́n ń sáré kọjá bọ̀, ojú wọn là sílẹ̀ ṣùgbọ́n kò rí ẹnikẹ́ni. Láàárín wọn ni ọba jókòó sí lórí ìtẹ́ tó ń yí bí òkòtó, orí rẹ̀ tóbi, ẹsẹ̀ rẹ̀ tínrín, kò sì ní ìpéǹpéjú, nítorí kò sùn rí láti ìgbà ìwáṣẹ̀.

Ọba náà ní, “Ẹ̀yin ọmọ ènìyàn, mo mọ ẹni tí ẹ ń wá. Eré mẹ́ta ló wà láàárín yín àti ẹnubodè. Ìgbàkígbà tí ẹ bá pàdánù, mo máa mú ohun kan lára yín, èmi ni mo sì máa yàn án.”

Eré kìíní ni Ilé Ìdáná Arìnrìn. Ilé náà lẹ́sẹ̀ bí àkàn. Bí ó bá ti ń rìn ni ilẹ̀ rẹ̀ ń pín sí méjì, tí iná á wà lápá kan, tí omi á wà lápá kejì, tí àwọn iwin tí ebi ń pa á máa fi ṣíbí lu àwo lójú fèrèsé, tí èyí ń bèèrè iyán, tí tọ̀hún ń bèèrè mọ́ínmọ́ín, tí iyanrìn inú ìgò ńlá kan sì ń ṣàn lọ láìdúró. Ògúnrìndé fò wọ inú rẹ̀ bí ẹkùn. Ó gún iyán, ó fọ àwo, ó já ṣíbí gbà lọ́wọ́ Fátókun, ó pariwo mọ́ Màmá Tinúadé pé kí wọ́n kúrò lọ́nà. Níbi tó ti ń ṣe iṣẹ́ ẹni mẹ́ta, iná mú òrùlé, iyanrìn sì tán. Ọba na ìka rẹ̀ tínrín síta, ó sì mú ìgbọ́ràn etí ọ̀tún Màmá Tinúadé lọ.

Màmá fi ọwọ́ kan etí náà. Olùkọ́ orin ni wọ́n, ayé sì ti di ìdajì ohùn fún wọn. Ògúnrìndé wólẹ̀, ó ń sunkún pé òun ni òun jẹ̀bi, pé ara òun ló yẹ kí ọba ti mú nǹkan.

Màmá ní, “Dìde, ọmọ mi. Ẹkún rẹ kò ní dá a padà. Etí òsì ṣì kù fún mi, má ṣe pariwo sí i. Nínú orin, ẹni tó bá ń kọ ohùn gbogbo ènìyàn ló ń ba orin jẹ́. Jẹ́ kí olúkúlùkù mú ibì kan, kí ó sì máa sọ ohun tó ń ṣe, kí ẹnìkejì lè mọ ohun tó kàn.”

Ọba gbà kí wọ́n tún un ṣe. Nígbà tí ilé náà tún gbéra, Fátókun dúró sídìí odó, Màmá dúró sídìí iná, Ògúnrìndé nìkan ló ń fo àlàfo àárín. Fátókun a ní, “Iyán ti kúná,” Màmá a ní, “Àwo kan kù,” Ògúnrìndé a sì dáhùn pé, “Mo ti ń gbé e bọ̀.” Kò sí ẹni tó pariwo. Bí nǹkan bá bọ́ lọ́wọ́ ẹnìkan, wọ́n á gbójú kúrò lára rẹ̀, wọ́n á mú èyí tó kàn. Àwọn iwin jẹ, wọ́n yó, iyanrìn sì ṣẹ́kù nínú ìgò. Ẹ ò rí i pé àìrìnpọ̀ ejò ló ń jẹ ọmọ ejò níyà.

Eré kejì ni Pápá Ajábọ́. Páńpẹ́ ni pápá náà, a fi pákó pẹlẹbẹ tẹ́ ẹ, ibi tí ẹsẹ̀ bá sì ti tẹ̀ yóò gbọ̀n díẹ̀, lẹ́yìn náà ni yóò já sínú ọ̀gbun. Ọba ní bí ẹyọ ẹnìkan nínú wọn bá ṣẹ́kù lórí pápá lẹ́yìn gbogbo èrò ìlú, wọ́n ti borí. Agogo dún, ogunlọ́gọ̀ sì ya lu pápá. Ògúnrìndé sáré pẹ̀lú wọn, nítorí ẹ̀jẹ̀ ọ̀ta ń hó lára rẹ̀. Níbi tí èrò pọ̀ sí ni ilẹ̀ kọ́kọ́ tán sí, ó sì bọ́ sínú àwọ̀n tó wà nísàlẹ̀. Màmá náà bọ́ láìpẹ́. Láti ìsàlẹ̀ ni wọ́n ti ń wo Fátókun. Ọkùnrin náà kò sá. Ó lọ sí ẹ̀bá pápá níbi tí kò sí èrò, ó dúró lórí pákó kan títí pákó náà fi gbọ̀n, kí ó tó gbé ẹsẹ̀ kan ṣoṣo sí èyí tó kàn. Àwọn tó ń sáré pa ilẹ̀ ara wọn run; òun ń ṣọ́ tirẹ̀ ná bí ẹni ń ṣọ́ iyọ̀ ná lákòókò ọ̀wọ́n. Nígbà tí gbogbo wọn já tán, Fátókun nìkan ló dúró lórí pákó kan bí ìgbín lórí ewé. Ọ̀rẹ́ tí Ògúnrìndé ti pè ní akúra ìka lọ́pọ̀ ìgbà ló gbà wọ́n là. Ó wò ó, ojú sì tì í gidigidi.

Eré kẹta ló le jù. Wọ́n gbé adé wúrà kan sí àárín gbàgede. Ọba ní ẹni tí adé bá wà lórí rẹ̀ nígbà tí agogo bá dákẹ́ ni yóò jáde ní ìlú òun. Ó ní, “Ògúnrìndé nìkan ni yóò wọlé fún yín. Ẹ̀yin mẹ́ta lè lọ sílé bí ó bá pàdánù, ṣùgbọ́n n ó mú ohun kan lára rẹ̀. Ẹni yín tó wà nígbèkùn kò lè lọ, àfi bí adé bá wà lórí ọmọbìnrin náà fúnra rẹ̀.” Nígbà náà ni Ògúnrìndé rí Ìyùnadé láàárín àwọn oníjà, irun rẹ̀ tú sílẹ̀, kùmọ̀ wà lọ́wọ́ rẹ̀, ọmọbìnrin náà kò sì mọ̀ ọ́n mọ́. Ó wá yé e pé eré tí òun kò ṣe rí nìyí: eré tí òun gbọ́dọ̀ ṣe kí ẹlòmíràn lè borí.

Agogo bẹ̀rẹ̀ sí í dún. Òmìrán kan dé adé náà lójú ẹsẹ̀, gbogbo ènìyàn sì dà bò ó. Òmíràn gbà á, wọ́n da tọ̀hún náà bolẹ̀. Ògúnrìndé kò lọ sáàárín. Ó rọra ń yí ẹ̀bá gbàgede ká, ó ń wo ẹni tó ti rẹ̀, ó ń tẹ́tí sí agogo. Ẹ̀yin ènìyàn mi, ẹni tó kọ́kọ́ gba adé ni gbogbo kùmọ̀ mọ̀. Ẹni tó mọ ìgbà tí agogo máa dákẹ́ ni adé máa ń bá dé ilé. Nígbà tí ohùn agogo bẹ̀rẹ̀ sí í lọ sílẹ̀, tí àárẹ̀ ti mú àwọn alágbára, ó ta bí ọfà, ó gba adé, ó sì gbé e lọ tààrà sọ́dọ̀ Ìyùnadé.

Ìyùnadé là á ní kùmọ̀ lágbọ̀n. Ògúnrìndé kò padà sẹ́yìn, kò gbé ọwọ́ sókè. Ìyùnadé tún là á lẹ́ẹ̀kejì, ẹ̀jẹ̀ sì bo ojú Ògúnrìndé. Ó kúnlẹ̀, ó sọ̀rọ̀ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ bí ẹni ń bá ọmọ tó ń sùn sọ̀rọ̀: “Ìyùnadé, o bi mí ní ìbéèrè kan, n kò sì rí èsì fún un. N kò wá láti borí. Gba èyí, kí o máa lọ bá màmá rẹ.” Ọwọ́ tó gbé kùmọ̀ dúró lókè. Ògúnrìndé fi adé náà dé e lórí. Agogo dákẹ́.

Ògúnrìndé ti pàdánù. Ọba na ìka rẹ̀, ó sì mú ìyára ọwọ́ rẹ̀ lọ, èyí tó fi ń ṣe fáàrí ní gbogbo ayé. Láti ọjọ́ náà, ìka rẹ̀ wúwo bí ìka arúgbó nígbà ọyẹ́.

Bí wọ́n ti yọ lódò Arógunbọ̀ ni ìrántí padà wọ Ìyùnadé lára. Ó dì mọ́ màmá rẹ̀, ó sọ̀rọ̀ sí etí ọ̀tún, kò rí èsì, ó sì mọ ohun tí wọ́n san lórí òun. Wọ́n jọ sunkún. Nígbà tó yá, ó yíjú sí Ògúnrìndé. Ó ní, “Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ tọkàntọkàn. Ṣùgbọ́n ọpẹ́ kì í ṣe ìgbéyàwó. Jẹ́ kí n lọ.” Ògúnrìndé ní kí ó máa lọ ní àlàáfíà, kò sì bẹ̀ ẹ́.

Ìyùnadé lọ máa ránṣọ nílùú àbúrò màmá rẹ̀, ọjọ́ sì gorí ọjọ́. Ògúnrìndé ṣí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ padà. Kò tún jẹ́ ọ̀ta mọ́, ó di olùkọ́. A kọ́ àwọn tó bá wá pé kí wọ́n pín iṣẹ́ kí eré tó bẹ̀rẹ̀, kí wọ́n máa sọ ohun tí wọ́n ń ṣe, kí wọ́n yàgò fún èrò, kí wọ́n má kánjú gba adé. Nígbà iṣu tuntun kan, ó ń kọ́ bàbá àgbàlagbà kan tí ọwọ́ rẹ̀ ń gbọ̀n. Bàbá náà jẹ́ kí ilé ìdáná jóná, ó tún jẹ́ kí ó jóná, ó tún jẹ́ kí ó jóná, Ògúnrìndé sì ń tún un bẹ̀rẹ̀ láti ìpìlẹ̀ pẹ̀lú sùúrù. Nígbà tí bàbá dìde láti lọ, Ìyùnadé wọlé.

Ó ní, “Ó ti pẹ́ tí mo ti dúró síta. N kò gbọ́ kí o gbé ohùn rẹ sókè.”

Ó fa àga kan, ó sì jókòó tì í. Ọdún yẹn kò tíì parí tí Fátókun fi kan bẹ́ẹ̀dì ìyàwó fún wọn, tí Màmá Tinúadé sì kọ orin níbi ìgbéyàwó náà, wọ́n yí etí òsì sí àwọn akọrin.

Ẹ̀yin ènìyàn mi, ibi tí ìrìn mi mọ nìyẹn, ẹ jẹ́ kí n sọ ẹrù tí mo rù kalẹ̀ fún yín. Ohun tí a fi sùúrù mú kì í bàjẹ́; ohun tí a fi agbára mú ní í le koko bí ojú ẹja. Bí ẹ bá jókòó ti eré, ẹ wo ẹni tó jókòó tì yín kí ẹ tó wo ojú tẹlifíṣọ̀n, nítorí eré yóò tán, iná yóò kú, òun ni yóò sì kù lọ́dọ̀ yín. Ẹni tó bá borí gbogbo ènìyàn, tí kò wá rí ẹni bá yọ̀, ẹ má ṣe kí irú ẹni bẹ́ẹ̀ kú oríire. Ẹ ṣàánú rẹ̀.