Afẹ́fẹ́ Tó Dá Àná Padà

Láti ìgbà èwe ni Àwẹ̀ró ti ń gbọ́ tí Láníyọnu ọkọ rẹ̀ ń fọ́nnu pé òun pa ẹkùn. Kí ojú má bàa ti baálé rẹ̀, ó dákẹ́.

Lọ́jọ́ tí wọ́n fẹ́ fi Láníyọnu joyè nítorí ẹkùn yìí, afẹ́fẹ́ tó máa ń dá àná padà fẹ́ wọ ìlú. Lójú gbogbo ènìyàn, Láníyọnu di ọ̀dọ́ padà, ó wà lórí igi, ó ń ké pe ìyá rẹ̀. Nísàlẹ̀, Àwẹ̀ró fi ọmọ odó lu ẹkùn pa.

Afẹ́fẹ́ rọlẹ̀, wọ́n tún di àgbà. Baálẹ̀ bú sẹ́rìn-ín: "Afẹ́fẹ́ ti fẹ́, a ti rí fùrọ̀ adìẹ!"

Láníyọnu gba fìlà oyè, ó fi dé ìyàwó rẹ̀ lórí.

"Ìyá Àtàndá, tètè gbà á," ó sọ sí i létí, "kí òmíràn tó fẹ́."