Òkété àti Ọgọ́ta Kóńgò Iyọ̀ Ọ̀fẹ́

Àlọ́ o!

Àlọ̀!

Ṣé oorun ti ń kùn yín ni? Mo ní, àlọ́ o!

Àlọ̀ọ̀ọ̀!

Ẹ̀n-ẹ́n. Ẹ̀yin tí ẹ ń retí Ìjàpá, ẹ jẹ́ kó sinmi. Òkété ni ọlọ́gbọ́n tòní, ẹ sì máa rí ọgbọ́n.

Ní ìgbà kan rí, nígbà tí òjò ku díẹ̀ kó bẹ̀rẹ̀, ìyàwó Òkété rán an lọ ra iyọ̀ ní ṣọ́ọ̀bù Ìyá Ehoro. Kóńgò kan péré o! Òkété débẹ̀, ó béèrè iye tí wọ́n ń tà á.

Ìyá Ehoro ní, "Kóńgò mẹ́wàá àkọ́kọ́, náírà méjì ààbọ̀ ni ọ̀kọ̀ọ̀kan. Bí o bá ra mẹ́wàá lé e, mo máa yọ àádọ́ta kọ́bọ̀ lórí ọ̀kọ̀ọ̀kan àwọn yẹn. Mẹ́wàá mìíràn, mo tún máa yọ àádọ́ta sí i. Bẹ́ẹ̀ ni á máa wálẹ̀."

"Àwọn yẹn" ló wí. Ṣé ẹ gbọ́? Òkété ò gbọ́ o. Ìka ló ń kà.

"Mẹ́wàá kejì, náírà méjì. Ìkẹta, náírà kan ààbọ̀. Ìkẹrin, náírà kan. Ìkarùn-ún, àádọ́ta kọ́bọ̀. Ìkẹfà... Yéè! Ọ̀fẹ́! Ẹni tó bá ra ọgọ́ta ò ní san nǹkan kan!"

Ọ̀mọ̀wé! Nínú gbogbo igbó yẹn, òun nìkan ló rí i.

"Ìyá, ẹ wọn ọgọ́ta fún mi."

"Ọgọ́ta? Owó ńkọ́?"

"Owó kẹ̀? Bí mo bá jẹ yín ní kọ́bọ̀ kan lórí iyọ̀ yìí, ẹ gba ihò mi. Gbogbo ẹranko tó wà níbí ti gbọ́."

Ihò tí ìyàwó rẹ̀ fọwọ́ ara rẹ̀ gbẹ́ ni o, níbi tí àwọn ọmọ wọn ń sùn sí. Ọ̀gbẹ́ni ò bi ẹnikẹ́ni.

Wọ́n wọn iyọ̀ sínú àpò. Òkété ò lè mú sùúrù, ó ki orí bọ̀ ọ́, ó di iyọ̀ kún ẹ̀rẹ̀kẹ́ méjèèjì. Ìyá Ehoro wá ṣírò. "Mẹ́wàá àkọ́kọ́, náírà mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n. Ìkejì, ogún. Ìkẹta, mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Ìkẹrin, mẹ́wàá. Ìkarùn-ún, márùn-ún. Mẹ́wàá tó kẹ́yìn, ọ̀fẹ́ ni, máa gbádùn ẹ̀. Gbogbo rẹ̀ jẹ́ náírà márùndínlọ́gọ́rin."

Òkété fẹ́ sọ̀rọ̀, iyọ̀ ò jẹ́. "Mmm! Mmm!" ló ń ké. Nígbà tí ẹnu rẹ̀ máa là, ó tu gbogbo rẹ̀ sórí àwọn àpò náà.

"Ìyá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gba iyọ̀ yín padà!"

"Èyí tí o tutọ́ sí yìí? Ta ni kí n tà á fún?"

Kí ilẹ̀ tó ṣú, Ìyá Ehoro ti kó ẹrù wọ inú ihò. Ìyàwó Òkété kó àwọn ọmọ sábẹ́ igi, àpò iyọ̀ yí wọn ká. Ni òjò bá dé. Iyọ̀ ń yọ́, ó ń ṣàn lọ, àwọn ọmọ ń gbọ̀n. Òkété bú sẹ́kún.

Ìyàwó rẹ̀ wò ó. "Bàbá àwọn ọmọ mi, kóńgò kan ni mo ní kí ẹ rà."

Láti ọjọ́ náà ni Òkété kì í ti í jáde lọ́sàn-án. Ojú ń tì í láti kọjá níwájú ilé tó jẹ́ tirẹ̀ tẹ́lẹ̀.

Ìdí àlọ́ mi rèé: bí wọ́n bá ń sọ iye ọjà fún yín, ẹ jẹ́ kó yé yín dáadáa kí ẹ tó máa yọ̀. Bàbá Fọlárìn, ẹ má rẹ́rìn-ín jù o. Bàtà mẹ́ta tí ẹ rà torí pé ọ̀kan jẹ́ ọ̀fẹ́, èwo ló gba ẹsẹ̀ yín nínú wọn?